Ṣé ká gé rọ́nwé wa kúrú, ká fi ìyókù gbin àgbàdo?

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o, ọ̀gá. Ìlú kékeré tí iṣẹ́ àgbẹ̀ pọ̀ sí ni mò ń gbé, káńsù wa ló ni éépọ́ọ̀tù kékeré tó wà níbẹ̀. Rọ́nwé kan ṣoṣo ni, 1,200 mítà, kò sí tówà tí wọ́n ti ń darí bàálù, kò sí bàálù elérò. Bàálù tó ń fín oògùn sóko ló ń lò ó jù, àtàwọn bàálù kéékèèké oníjókòó méjì tàbí mẹ́rin, lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan sì ni bàálù tó ń gbé aláìsàn máa ń wá. Káńsẹ́lọ̀ kan ti wá mú àbá wá pé ká gé rọ́nwé yìí kù sí 800 mítà, ká fi ìyókù yá àgbẹ̀ tó fẹ́ gbin àgbàdo, pé bàálù wọ̀nyí kì í lò ju ìdajì lọ kí wọ́n tó dúró. Èmi náà ti lọ dúró wò ó, òótọ́ ló sọ. Mo wà nínú ìgbìmọ̀ tó máa dá a lóhùn. Kí ni ká sọ?

Ìdáhùn:

Ẹ kú ìmúra ìpàdé o. Kí n tó máa rojọ́ lọ, ẹ má jẹ́ kí wọ́n gé e. Mo tètè sọ ọ́ kó má lọ di pé ẹ kà á dé ìdajì, wọ́n pe ìpàdé, ẹ sì ti fóònù bọ àpò. Ìdí ẹ̀ ló kù tí mo fẹ́ sọ, ó máa gùn díẹ̀, ẹ fara dà á fún mi.

Ohun tẹ́ ẹ rí, òótọ́ lẹ rí. Bàálù balẹ̀, ó sáré díẹ̀, kò tíì dé ìdajì tó ti yà kúrò lójú ọ̀nà, ìyókù rọ́nwé wá nà sílẹ̀ lófìfo bí ilẹ̀ tí wọ́n fi ṣòfò. Gbogbo èèyàn tó bá wá síbi ọgbà wáyà ló ń rí ìyẹn, torí ìgbà tí bàálù bá ń balẹ̀ ló máa ń wu èèyàn wò. Ṣùgbọ́n bàálù tó ń fín oògùn, tẹ́ ẹ bá rí i tó ń balẹ̀, ó ti sófo nìyẹn, ó ti da gbogbo ẹrù ẹ̀ sóko. Ńṣe ló dà bí ìgbà tí èèyàn bá ń wo alábàárù tó ti sọ ẹrù kalẹ̀ tó ń padà bọ̀, tó wá ní áà, ọkùnrin yìí ò mà nílò òṣùká rárá.

Èyí tó ń lọ ni kẹ́ ẹ wò.

Mo ṣe alábòójútó éépọ́ọ̀tù kan tó jọ tiyín gan-an fún ọ̀pọ̀ ọdún, iṣẹ́ mi ni kí n gé koríko, kí n yẹ iná wò, kí n ta epo, kí n máa bá gbogbo èèyàn jà. Lásìkò fífín oògùn, ilẹ̀ kì í tíì mọ́ tán tí ẹni tó ń rọ oògùn á ti dé, á ti po oògùn mọ́ omi nínú táńkì ńlá lórí pèpéle kọnkéré tá a ṣe fún un kí èyí tó bá ṣẹ́ sílẹ̀ má bàa wọ inú ilẹ̀. Bàálù á yí wá síbẹ̀, páílọ́ọ̀tì ò ní sọ̀ kalẹ̀, kò tiẹ̀ ní pa ẹ́ńjìnnì. Ọmọkùnrin yẹn á gba ẹ̀yìn apá bàálù wá, kò jẹ́ gba iwájú láéláé, á ki ọ́ọ̀sì bọ ẹ̀gbẹ́ ẹ̀, oògùn á máa wọlé gbuu, páílọ́ọ̀tì á máa wo ìwọ̀n tó wà níwájú ẹ̀, tó bá ti tó á gbé ọwọ́ sókè, wọ́n á yọ ọ́ọ̀sì, ó di ojú ọ̀nà. Ìṣẹ́jú díẹ̀ ni gbogbo ẹ̀. Ìgbà tó bá wá bẹ̀rẹ̀ sí í sáré lẹ máa mọ̀ pé ẹrù ló gbé. Ariwo ẹ̀ yàtọ̀. Ìrù ẹ̀ á kọ́kọ́ gbéra, táyà iwájú ò dáhùn, á kọjá ìdajì, á kọjá àpò aṣọ tá a gbé kọ́ láti fi mọ ibi tí atẹ́gùn ń fẹ́ sí, táyà ṣì wà nílẹ̀, ìwọ tó o dúró ò ní mọ̀gbà tó o máa di ẹ̀mí ẹ mú, ìgbà tó bá kù díẹ̀ kó kan àwọn iná ìparí ló máa tó já ara ẹ̀ gbà lọ́wọ́ ilẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí n fi iye sí i. Bàálù oko kan wà tí wọ́n ń pè ní AT-802, Air Tractor ló ń ṣe é, táńkì oògùn inú ẹ̀ ń gba nǹkan bíi 3,000 lítà. Lítà omi kan, kílò kan ni, torí náà nǹkan bíi tọ́ọ̀nù mẹ́ta ló wà níkùn ẹ̀. Bàálù náà fúnra ẹ̀, tí kò bá sí epo tí kò sí oògùn nínú ẹ̀, òun náà ò ju bíi tọ́ọ̀nù mẹ́ta lọ. Ẹrù tó gbé fẹ́rẹ̀ẹ́ tó òun alára. Ó lè má jẹ́ irú èyí ló ń wá sọ́dọ̀ yín, ó lè jẹ́ èyí tó kéré jù ú lọ, àmọ́ bí ọ̀rọ̀ gbogbo wọn ṣe rí nìyẹn, wọ́n wúwo lọ, wọ́n fúyẹ́ bọ̀, gígùn rọ́nwé sì jẹ́ ti ìgbà tí wọ́n ń lọ.

Ẹ wá fi ooru kún un. Atẹ́gùn tó bá gbóná máa ń fẹ́lẹ́, apá bàálù ò rí ohun tó tó gbára lé, abẹ̀bẹ̀ iwájú ò rí ohun tó tó gbá mú, agbára ẹ́ńjìnnì náà sì dín kù. Ìṣirò táwọn páílọ́ọ̀tì ń lò ni pé dígírì Sẹ́lísíọ́ọ̀sì kọ̀ọ̀kan tí ooru bá fi ju ìwọ̀n tí wọ́n kà sí déédéé lọ, ńṣe ló dà bí ẹni pé ẹ gbé éépọ́ọ̀tù yẹn ga sókè ní ẹsẹ̀ bàtà 120. Ìwọ̀n déédéé yẹn jẹ́ dígírì 15 ní ẹ̀bá òkun. Ẹ jẹ́ ká ní ọ̀sán tó mú dé dígírì 35 ni, ogún dígírì ti lé nìyẹn, 2,400 ẹsẹ̀ bàtà, tó ju 700 mítà lọ. Ojú ilẹ̀ tẹ́jú pẹrẹsẹ lẹ rò pé ẹ wà, ní ti bàálù, orí òkè ló wà. Ìgbà wo sì ni kòkòrò ń jẹ oko? Ìgbà ooru náà ni.

Èyí tó kù yìí ni kẹ́ ẹ kọ sórí pátákó níwájú àwọn káńsẹ́lọ̀, torí èèyàn lè bá ọ̀rọ̀ ẹnu jiyàn, kò lè bá ìsọdipúpọ̀ jiyàn. Àwọn aláṣẹ ọkọ̀ òfuurufú ilẹ̀ Bírítéènì, tí wọ́n ń pè ní CAA, ṣe ìwé pélébé kan fáwọn páílọ́ọ̀tì bàálù kéékèèké, wọ́n sọ níbẹ̀ iye tó yẹ kéèyàn fi di púpọ̀ lórí gígùn tí ìwé bàálù bá sọ. Ẹ jẹ́ ká mú bàálù oníjókòó mẹ́rin lásán, ká má tiẹ̀ mú ti oko, ká ní ìwé ẹ̀ sọ pé 500 mítà ló máa fi gbéra tó sì máa fi ré kọjá orí ohun tó ga tó 15 mítà, ní ẹ̀bá òkun, ní dígírì 15, tí atẹ́gùn ò fẹ́. Tí ooru bá fi dígírì 10 lé, ẹ fi 1.1 sọ ọ́ di púpọ̀, ó ti di 550. Tí ìlú yín bá fi 1,000 ẹsẹ̀ bàtà ga ju òkun lọ, 1.1 míì, 605. Tí atẹ́gùn díẹ̀ bá ń ti bàálù lẹ́yìn, tó kàn jẹ́ ìdá kan nínú mẹ́wàá eré tó fi ń gbéra, 1.2, 726 nìyẹn. Ìyẹn, ẹni tó mọ̀ ọ́n wà gan-an ló ń wà á o, bàálù ọ̀hún sì tuntun, torí irú wọn ni wọ́n fi dán an wò kí wọ́n tó kọ ìwé ẹ̀. Wọ́n ní kó o wá fi 1.33 sọ ọ́ di púpọ̀ sí i nítorí ẹ̀mí ẹ. 965 mítà.

500 la bẹ̀rẹ̀ o. Káńsẹ́lọ̀ yín sì fẹ́ kó ku 800.

Ìwé yẹn kan náà tún sọ pé tẹ́ ẹ bá fi ìdá kan nínú mẹ́wàá kún ìwọ̀n bàálù, gígùn tó nílò máa fi ìdá kan nínú márùn-ún gùn sí i. Ẹ wá ronú kan bàálù tó gbé ẹrù tó tó òun alára.

Wọ́n máa bi yín pé kí ló dé tí páílọ́ọ̀tì ò kúkú ní dín oògùn kù. Ó lè dín in kù, wọ́n tiẹ̀ ń dín in kù lọ́sàn-án gangan tí ooru bá pọ̀. Àmọ́ tó bá gbé ìdajì, ó di kó lọ lẹ́ẹ̀mejì, epo méjì, àkókò méjì, àgbẹ̀ ló sì máa san án. Èyí tó tún wá burú jù ni àkókò, torí kì í ṣe gbogbo ìgbà lèèyàn lè fín oògùn. Tí atẹ́gùn bá le, oògùn á gbé sóko ẹlòmíràn. Tí kò bá sì sí atẹ́gùn rárá láàárọ̀ kùtù, tí èyí tó tutù sùn sílẹ̀ tí èyí tó gbóná wà lókè ẹ̀, oògùn kéékèèké yẹn á rọ̀ sójú kan bí èéfín, á wá máa rìn gbéregbère lọ síbi tí ẹnikẹ́ni ò rán an. Wákàtí díẹ̀ láàárín méjèèjì ni wọ́n fi ń ṣiṣẹ́, bíi mítà mẹ́ta sókè irúgbìn ni wọ́n sì ń fò nígbà tí wọ́n bá ń ṣe é. Tí àìsàn bá wọ inú àlìkámà, tí òjò sì ti rọ̀ débi tí katakata ò lè wọ oko, àwọn wákàtí yẹn lẹ fẹ́ fi ìdajì ẹrù ná?

Mo fẹ́ sọ nǹkan nípa ibi tó ṣófo yẹn náà ṣá. Kì í ṣe pé ó ṣófo. Ibi tí bàálù máa dúró sí lọ́jọ́ tí nǹkan bá bàjẹ́ ni. Wọ́n máa ń kọ́ páílọ́ọ̀tì pé tó bá dé ìdajì rọ́nwé tí eré ẹ̀ ò tíì tó ìdá 70 nínú 100 èyí tó fi ń gbéra, kó pa á tì, kó tẹ bíréèkì. Kó tẹ bíréèkì, kó dúró síbo? Ibi tẹ́ ẹ fẹ́ gbin àgbàdo sí yẹn ni.

Ẹ tún ní bàálù aláìsàn ń wá lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan. Ẹ má jẹ́ kí wọ́n fi iye ìgbà tó ń wá wọn ọ̀rọ̀ yìí o. Àwọn tó ń fi bàálù gbé aláìsàn ní òfin tiwọn, gígùn tí wọ́n ń béèrè máa ń ju èyí tí ìwé bàálù sọ lọ, tí rọ́nwé yín bá ti wálẹ̀ sí 800, àwọn míì á kàn yọ orúkọ yín kúrò ni, wọn ò ní kọ lẹ́tà sí yín, ọjọ́ tẹ́ ẹ bá pè wọ́n lẹ máa tó mọ̀. Ohun míì tún wà níbẹ̀ tí àwọn ará ìta ò mọ̀. Láyé àtijọ́, kí bàálù tó lè balẹ̀ nínú kùrukùru dáadáa, éépọ́ọ̀tù gbọ́dọ̀ ra ẹ̀rọ olówó ńlá tó ń júwe ọ̀nà fún un látilẹ̀. Látìgbà tí GPS ti gbòde, pàápàá látìgbà tí Amẹ́ríkà tan WAAS lọ́dún 2003, tó ń tún ìṣirò GPS ṣe, éépọ́ọ̀tù inú oko lásán lè ní ọ̀nà ìbalẹ̀ tó máa mú bàálù wá síbi tó fi 200 ẹsẹ̀ bàtà péré jìnnà sílẹ̀ kí páílọ́ọ̀tì tó rí rọ́nwé, láìsí ẹ̀rọ ìjúwe ọ̀nà kankan tí éépọ́ọ̀tù fúnra ẹ̀ rà. Àmọ́ orí ibi tí rọ́nwé bẹ̀rẹ̀ gẹ́lẹ́ àti ohun tó wà nítòsí ẹ̀ ni wọ́n fi ya ọ̀nà yẹn. Ẹ sún ìbẹ̀rẹ̀ rọ́nwé, ẹ ti pa ọ̀nà yẹn rẹ́ nìyẹn, ó di kí wọ́n wá wọn ilẹ̀ lákọ̀tun kí wọ́n sì yà á lákọ̀tun, ẹ sì mọ bí ìwé ṣe ń rìn ní ọ́fíìsì.

Lórí àgbàdo fúnra ẹ̀, èmi ò kórìíra àgbàdo o. Ibi tí wọ́n fẹ́ gbìn ín sí ni mo bá jà. Ní ìlànà Amẹ́ríkà fún rọ́nwé àwọn bàálù kéékèèké, wọ́n ń fojú inú wo pẹpẹ kan tó dà gẹ̀rẹ́ látibi tó fi 200 ẹsẹ̀ bàtà, ìyẹn bíi 60 mítà, kọjá ìparí rọ́nwé, tó ń fi mítà kan ga sókè fún gbogbo 20 mítà tó bá lọ síwájú. Ohunkóhun ò gbọ́dọ̀ yọrí kọjá pẹpẹ yẹn. Àgbàdo tó ga tó mítà méjì ààbọ̀, ẹ fi 20 sọ ọ́ di púpọ̀, 50, ẹ fi 60 kún un, 110 mítà rèé kẹ́ ẹ tó gbin ẹyọ kan. Nínú 400 mítà tí wọ́n ní àwọn ń gbà, ó ti lé ní ìdá kan nínú mẹ́rin tí wọn ò lè fọwọ́ kàn. Ẹ ò sì tíì ka ẹ̀rọ ìkórè mọ́ ọn.

Ẹ̀rọ ìkórè yẹn ló dùn mí jù. Ibi tí mo ti ṣiṣẹ́, àwọn ọ̀gá wa fi ilẹ̀ ìparí rọ́nwé yá àgbẹ̀ kan láìbi ẹnikẹ́ni, ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan nígbà ìkórè, iṣẹ́ pọ̀, ọmọ tó ń wa ẹ̀rọ yẹn gbé e dúró síbẹ̀ kó lọ gbé ọkọ̀ tó máa kó àgbàdo, ó wá na ọ̀pá tó fi ń da àgbàdo sílẹ̀ sókè ràbàtà. Páílọ́ọ̀tì kan ń bọ̀, oòrùn ti ń wọ̀, ojú ẹ̀ gan-an ni oòrùn wà. Èmi dúró lẹ́nu ọ̀nà háńgà, ilé tá à ń gbé bàálù sí, pẹ̀lú rédíò lọ́wọ́, mo rí i pé kò rí i. Mo pariwo sínú rédíò pé kó fò padà sókè, kó fò padà sókè! Ó fún ẹ́ńjìnnì lágbára, ó ré kọjá lórí ọ̀pá yẹn, mi ò lè sọ bó ṣe jìnnà tó, mo kàn mọ̀ pé mo jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀. Ọmọ yẹn padà dé, ó ní kí ló ṣẹlẹ̀.

Àgbàdo tún ń fa ẹyẹ. Èyí tó bá já bọ́ nígbà ìkórè, gbogbo ẹyẹ àgbègbè á gbọ́. Ìmọ̀ràn Amẹ́ríkà ni pé kí ohun tó ń fa ẹyẹ àti ẹranko fi 5,000 ẹsẹ̀ bàtà jìnnà sí éépọ́ọ̀tù tí bàálù oní-písítìnnì, tí ẹ́ńjìnnì ẹ̀ dà bíi ti mọ́tò, ń lò, kó di 10,000 tó bá jẹ́ èyí tí bàálù ẹ́ńjìnnì tọ́báìnì, irú ti jẹ́ẹ̀tì, ń wá, bàálù oko ńlá sì ti di tọ́báìnì báyìí. Kò rọrùn láti tẹ̀ lé e láàárín oko, mo mọ̀, gbogbo ilẹ̀ ni oko. Àmọ́ èèyàn ò ní torí pé ẹyẹ wà níta kó wá gbé oúnjẹ ẹyẹ sẹ́nu ọ̀nà.

Tí owó bá ni wọ́n ń wá, ẹ má kàn sọ pé rárá kẹ́ ẹ jókòó. Ẹ wo ilẹ̀ ẹ̀gbẹ́, èyí tó jìnnà sí rọ́nwé, ẹ fi yá ẹni tó máa gé koríko gbígbẹ fún ẹran, kò ga, ìgbà tó bá sì ń gé e, ẹ̀yin ni kò níí gé e mọ́. Ẹ wò ó bóyá àwọn tó fẹ́ gba háńgà wà nílẹ̀ tí kò sí háńgà, torí owó háńgà ń wọlé lóṣooṣù bóyá bàálù fò bóyá kò fò, epo ní tiẹ̀ ò rí bẹ́ẹ̀. Tẹ́ ẹ bá sì ti gba owó ìjọba láti fi ṣe rọ́nwé yẹn, ẹ wá ìwé ẹ̀ jáde kẹ́ ẹ tó sọ ohunkóhun. Ní Amẹ́ríkà, bí àpẹẹrẹ, éépọ́ọ̀tù tó bá gba owó iṣẹ́ lọ́wọ́ FAA, àwọn aláṣẹ ọkọ̀ òfuurufú ibẹ̀, ti tọwọ́ bọ̀wé pé òun á máa tọ́jú ẹ̀, á sì wà ní ṣíṣí, ó sábà máa ń tó ogún ọdún, owó tó bá sì wọlé látorí ilẹ̀ éépọ́ọ̀tù, éépọ́ọ̀tù náà ló gbọ́dọ̀ ná an lé. Ìyẹn ni pé owó àgbàdo yẹn gan-an, káńsù ò lè fi tún títì ṣe. Ẹ bi lọ́yà yín bóyá irú ẹ̀ wà nínú ìwé tiyín. Mo ti rí i tí ìlà kan ṣoṣo nínú irú ìwé bẹ́ẹ̀ parí ìjà oṣù mẹ́fà.

Ẹ má sì jẹ́ kí wọ́n dín owó dídí ojú ọ̀nà tó bá sán kù. Omi á gba ibi tó sán wọlé, á rọ ilẹ̀ abẹ́ ẹ̀, koríko á hù, òkúta wẹ́wẹ́ á máa jáde, abẹ̀bẹ̀ á fà á mú, á sì gé e. Àìfi owó kékeré dí i ló ń di owó ńlá.

Tí ẹnikẹ́ni bá wá dìde pé éépọ́ọ̀tù tí kò ní elérò kì í ṣe éépọ́ọ̀tù gidi (ẹnì kan máa ń sọ ọ́ ní gbogbo ìpàdé, mi ò mọ ibi tí wọ́n ti ń rí i), ẹ sọ fún un pé lóṣù kẹjọ ọdún 1921, ní Ohio ní Amẹ́ríkà, ni John Macready fi bàálù ológun da oògùn sórí àwọn igi kàtálípà kan tí kòkòrò ń jẹ, òun ni wọ́n kà sí àkọ́kọ́ irú ẹ̀. Ilé iṣẹ́ kan tó ń fín oògùn sóko òwú, Huff Daland Dusters, ló bí Delta, ilé iṣẹ́ bàálù elérò tí gbogbo ayé ń wọ̀ lónìí, ọdún 1928 ló gba orúkọ yẹn. Oko ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀.

Ohun kan ló kù tí mo fẹ́ kẹ́ ẹ ṣe kí ìpàdé tó dé. Ẹ lọ bá páílọ́ọ̀tì tó ń fín oògùn, ẹ bi í ọjọ́ tó máa gbé ẹrù kíkún, ọ̀sán tí ooru mú ni kẹ́ ẹ mú. Ẹ gbàṣẹ lọ́wọ́ alábòójútó, kẹ́ ẹ kó àwọn káńsẹ́lọ̀ lọ sẹ́yìn wáyà, ní ìbámu pẹ̀lú 800 mítà gan-an, kẹ́ ẹ so aṣọ pupa mọ́ wáyà níbẹ̀. Ẹ má bá wọn sọ nǹkan kan. Ẹ ní kí wọ́n máa wo táyà, kí wọ́n má wo bàálù. Tó bá ti lọ tán, ẹ ní kí káńsẹ́lọ̀ tó mú àbá wá fúnra ẹ̀ rìn dé ibi tí táyà ti kúrò nílẹ̀, kó máa ka ẹsẹ̀ ẹ̀ látibi aṣọ pupa. Iye tó bá kà, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀, kẹ́ ẹ fi ránṣẹ́ sí mi.